Olóòtú Tí Ó Mọ Ohun Tí Ó Ń Fi Hàn

Ní ọjọ́ 5 oṣù kẹrin ọdún 2025, a dé Ọba Akeem Abímbọ́lá Owóadé ládé Aláàfin Ọ̀yọ́. Ọ̀pọ̀ ọmọ Ọ̀yọ́ tí ó wà ní ìdálẹ̀, inú tẹlifíṣọ̀n àti fóònù ni wọ́n ti rí i. Ohun tí ẹni tí ó wà nídìí ètò bá fi hàn wọ́n nìkan ni wọ́n lè rí. Nítorí náà ni àwa akẹ́kọ̀ọ́jáde ṣe ń sọ pé iṣẹ́ olóòtú ètò orí tẹlifíṣọ̀n, pàápàá ti ayẹyẹ ńlá àti ti orin àkọsílẹ̀, tó iṣẹ́ tí ilé-ẹ̀kọ́ wa yẹ kí ó máa múra ọmọ sílẹ̀ fún.

Àwọn òbí kan rò pé iṣẹ́ agbékámẹ́rà-kiri lásán ni. Kò rí bẹ́ẹ̀. Bí wọ́n bá ń ṣe orin àkọsílẹ̀, ìwé orin a máa wà níwájú olóòtú. Ó ti mọ ohun èlò tí ó kàn, kámẹ́rà a sì ti dúró dè é kí ó tó dún. Bákan náà ni ní ẹnu ààfin. Olóòtú tí kò gbọ́ èdè dùndún, ọkọ̀ àwọn àlejò ni yóò máa yà nígbà tí ìlù bá ń ki àwọn baba ọba.

Ó tún gbọ́dọ̀ mọ ohun tí a kì í fi hàn. Ní ọjọ́ 2 oṣù kẹfà ọdún 1953, Peter Dimmock ni ó darí ètò BBC nígbà tí a dé Ọbabìnrin Elizabeth Kejì ládé ní Westminster. Nígbà tí ó kan títa òróró sí i lórí, kámẹ́rà kò fi í hàn. Gbogbo ohun tí ojú rí kọ́ ni ẹnu ń sọ. Nínú ìfọbajẹ tiwa náà, ohun kan wà fún ojú ọjà, òmíràn wà fún inú ààfin.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe sọ pé iṣẹ́ àjèjì ni. Ní Ọ̀yọ́ níhìn-ín ni a bí Fẹlá Ṣówándé ní ọdún 1905. Baba rẹ̀ kọ́ni ní Kọ́lẹ́ẹ̀jì St. Andrew's. Atẹ ọ́gáànì ni, òun náà ni ó sì di olórí ẹ̀ka orin ní ilé-iṣẹ́ rédíò ìjọba Nàìjíríà. Ọ́gáànì ìjọ àti orin Yorùbá kò jà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìbàdàn tí kò jìnnà sí wa ni tẹlifíṣọ̀n sì ti bẹ̀rẹ̀ ní Nàìjíríà, ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá ọdún 1959.

Ní oṣù kìíní ọdún 2020, iná jó Ọjà Akẹ̀sán níwájú ààfin. Wọ́n ti tún ìsọ̀ kọ́, ṣùgbọ́n bí ọjà àtijọ́ ti rí, inú àwòrán àti ọkàn àwọn àgbà nìkan ni ó kù sí. Àgbà onílù tí ó bá kú láìjẹ́ pé a gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kò sí káfíńtà tí yóò tún un kọ́.

Ẹ̀yin olùkọ́ àti òbí wa, ẹ má ṣe ka orin sí iṣẹ́ ọmọ tí kò mọ ìṣirò. Ẹ kọ́ wọn láti ka ìwé orin, ẹ jẹ́ kí onílù wá kọ́ wọn ní èdè ìlù, kí ẹ sì fi gbígba àwòrán àjọ̀dún tí ń bọ̀ lé wọn lọ́wọ́.