Ifá Kò Wá Ẹlẹ́rìí Lọ sí Ojú Sánmà

 

Ọ̀rọ̀ òní le díẹ̀, ṣùgbọ́n bí a bá dákẹ́, tara ẹni a máa bá ni dákẹ́. Àwọn kan ń gbé ohun tí wọ́n pè ní ẹsẹ Ifá kiri báyìí. Wọ́n ní Ọ̀rúnmìlà ti dárúkọ agbo ìràwọ̀ tí à ń pè ní Pleiades, pé ó ti ṣàlàyé ìkúùkù inú Orion níbi tí ìràwọ̀ ti ń di ìràwọ̀, pé ó sì ti mọ̀ pé ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ tó dá dúró ni Andromeda, kí òyìnbó kankan tó mọ̀. Àwọn ọ̀dọ́ ń kọ́ ọ sórí. Mo ní ayédèrú ni. Mo sì ní ẹni tó ń rán irú ẹsẹ bẹ́ẹ̀ kò bu ọlá fún Ifá; ó ń ta Ifá lọ́pọ̀ ni.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ohun tí à ń sọ. Nínú Pleiades, ìràwọ̀ mẹ́fà tàbí méje ni ojú lásán sábà máa ń rí, bẹ́ẹ̀ wọ́n ju 1,000 lọ. Nígbà tí Galileo gbé awò awọ̀nàjíjìn sí wọn, ó ya àwòrán 36 nínú wọn sínú ìwé tí ó tẹ̀ jáde ní 1610. Ìkúùkù Orion jẹ́ afẹ́fẹ́ àti eruku tó ń kó ara jọ di ìràwọ̀. Ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń rin ìrìn nǹkan bí 1,300 ọdún kó tó dé ọ̀dọ̀ wa. Ìmọ́lẹ̀ Andromeda ní tirẹ̀ ń rin nǹkan bí 2,500,000 ọdún.

Báwo ni aráyé ṣe mọ Andromeda? Lóru tí òkùnkùn bá ṣú dáadáa, ojú lásán lè rí i bí àbàwọ́n funfun. Al-Sufi, ará Páṣíà, kọ ọ́ sílẹ̀ ní 964 pé ìkúùkù kékeré kan wà níbẹ̀. Ohun tí ojú rẹ̀ rí ni ó kọ. Títí di 1920, Shapley àti Curtis ṣì ń jiyàn ní Washington bóyá inú ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ tiwa ni irú ìkúùkù bẹ́ẹ̀ wà tàbí ìta rẹ̀. Ní 1923, Edwin Hubble rí ìràwọ̀ kan nínú Andromeda tí ìmọ́lẹ̀ rẹ̀ ń tàn sí i, tó sì ń dín kù ní àkókò tó ṣe é ṣírò. Ara ìràwọ̀ yẹn ni ó ti mọ bí ibẹ̀ ti jìnnà tó, iyàn sì parí.

Ẹ fara balẹ̀ wò ó. Ká ní ẹnìkan ti rán ẹsẹ kan ní 1915, tó fi í gbè sẹ́yìn àwọn tó ní inú ìṣùpọ̀ tiwa ni Andromeda wà, kí ni ì bá sọ lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá? Onímọ̀ sáyẹ́ǹsì lè yí ọ̀rọ̀ rẹ̀ padà láìsí ìtìjú, nítorí iṣẹ́ rẹ̀ gan-an nìyẹn. Ṣùgbọ́n ẹsẹ Ifá, a ń kọ́ ọ sórí kí ó má baà yí padà ni. Ẹni tó bá so Ifá mọ́ ìwé sáyẹ́ǹsì ọdún yìí ti fi Ifá dógò fún ọdún tó ń bọ̀.

Ẹsẹ Ifá sì ní ìlànà. A ó gbọ́ orúkọ awo tó dífá, a ó gbọ́ ẹni tí a dá a fún àti ohun tó gbé e wá. A ó gbọ́ ẹbọ tí a ní kó rú, bóyá ó rú u tàbí kò rú u, àti ibi tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ já sí. Ní gbogbo ọdún tí mo fi gbé lọ́dọ̀ olúwo mi, bí mo bá mú ẹsẹ kan wọlé láti ìta, ìbéèrè kan ṣoṣo ni bàbá máa ń kọ́kọ́ bi mí: ẹnu ta ni o ti gbọ́ ọ? Èmi náà bi ẹ̀yin tí ẹ ń gbé ẹsẹ Andromeda kiri: ẹnu ta ni ẹ ti gbọ́ ọ? Odù wo nínú 256 ni? Ẹni tí àìsàn gbé wá síwájú ọpọ́n, tàbí ẹni tó ń wá ọmọ, ẹbọ wo ni ẹ ó fi ẹsẹ náà yàn fún un?

Wọ́n á ní, “Bàbá, ṣé ẹ̀yin ń sọ pé àwọn baba ńlá wa kò mọ nǹkan kan nípa ojú ọ̀run ni?” Ó tì o. Àwọn ni wọ́n sọ ìràwọ̀ ńlá ìrọ̀lẹ́ ní Àgùàlà. Àwọn kan rí i tó ń bá òṣùpá rìn, wọ́n ṣebí ajá òṣùpá ni. Òwe wa dá wọn lóhùn pé Àgùàlà kì í ṣe ajá òṣùpá, ẹni tó bá sì ṣọ́ ọ pẹ́ yóò rí i lálẹ́ tí òṣùpá kò yọ rárá. Ìmọ̀ nìyẹn. Ojú àti sùúrù ni wọ́n fi rí i, tiwa ni, kò sì sí ẹni tó lè gbà á lọ́wọ́ wa.

Ẹ kọ́gbọ́n lára àwọn Dogon ilẹ̀ Mali. Ní 1950, Griaule àti Dieterlen, ọmọ ilẹ̀ Faransé, kọ ọ́ pé àwọn ènìyàn wọ̀nyí mọ ìràwọ̀ kejì tó ń bá Sirius rìn. Ojú lásán kò lè rí ìràwọ̀ náà; ní 1862 ni a tó fi awò awọ̀nàjíjìn rí i. Òkìkí kàn. Ní 1976, Robert Temple gbé ìwé jáde pé àwọn àlejò láti ọ̀nà Sirius ni wọ́n kọ́ wọn. Ní 1991, Walter van Beek, tó ti ṣèwádìí fún ìgbà pípẹ́ láàrin wọn, kọ ọ́ pé òun kò rí ìmọ̀ náà lọ́dọ̀ àwọn tí òun bi. Ṣé ẹ rí ibi tí àpọ́njù gbé wọn dé? A gba ọgbọ́n lọ́wọ́ baba wọn, a kó o fún àlejò tí ẹnikẹ́ni kò rí rí.

Nítorí náà, ẹ̀yin ọmọ awo, ẹ ju ẹsẹ ayédèrú nù. Ẹ lọ bá àwọn àgbà abúlé yín kí wọ́n tó wọ káà ilẹ̀, ẹ béèrè orúkọ ìràwọ̀ tí wọ́n mọ̀, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bí wọ́n ṣe pè é gan-an. Bí ẹ bá fẹ́ mọ Andromeda, ẹ lọ bá ẹni tó ní awò. Bí ẹ bá fẹ́ mọ Ifá, ẹ wá bá awo. Ẹlẹ́rìí Ìpín ni Ọ̀rúnmìlà. Òun fúnra rẹ̀ kò wá ẹlẹ́rìí.