Lẹ́tà Bàbá Dà?

Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ gbọ́ ná. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin tó ń tajà ní Akẹ̀sán, Ọ̀yọ́, fẹ́ tún páásípọ́ọ̀tù ọmọ rẹ̀ gbà. Wọ́n ní kó mú lẹ́tà bàbá ọmọ wá. Bàbá wo? Ẹni tó jáde nílé ní Ògbómọ̀ṣọ́ tá ò gbúròó rẹ̀ mọ́!

Ní 2009, ilé ẹjọ́ gíga ìjọba àpapọ̀ ní Port Harcourt dá Dókítà Priye Iyalla-Amadi láre: abiléko kò nílò lẹ́tà ọkọ kó tó gba páásípọ́ọ̀tù. Ṣé ìyá tó tó fọwọ́ sí tara rẹ̀ ni kò tó fọwọ́ sí tọmọ tó ń dá tọ́?

Bí bàbá bá sá, kí adájọ́ bá ìyá fọwọ́ sí i, kíákíá. Àgbà kì í wà lọ́jà kórí ọmọ tuntun wọ́. Ẹ̀yin adájọ́, ọjà rèé o, orí ọmọ ti wọ́!