Ẹ̀jẹ̀ Nínú Fíìmù, Ẹ̀bi Nínú Ọkàn

Ní oṣù karùn-ún ọdún 2024, àjọ ìjọba àpapọ̀ tí ó ń yẹ fíìmù àti fídíò wò ní orílẹ̀-èdè Nàìjíríà kéde ìlànà tuntun kan. Ìlànà náà dojú kọ àwọn fíìmù, fídíò orin àti eré kéékèèké tí ó bá ń fi ògùn owó, fífi ènìyàn ṣètùtù àti sìgá mímu hàn bí ohun tí ó yẹ kí ó wu ènìyàn. Ọ̀pọ̀ nínú ìjọ ni inú wọn dùn sí ìkéde náà, inú tiwa náà sì dùn. A kò tíì gbàgbé ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Abẹ́òkúta ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2022, nígbà tí ọwọ́ ọlọ́pàá tẹ àwọn ọ̀dọ́langba tí a fẹ̀sùn kàn pé wọ́n pa ọmọbìnrin kan nítorí ògùn owó.

Síbẹ̀, ẹ̀yin ará, ẹ jẹ́ kí a fara balẹ̀ wo ọ̀rọ̀ náà. Ìròyìn fi yé wa pé ọ̀kan nínú àwọn ọ̀dọ́ wọ̀nyí sọ pé orí Facebook ni òun ti kọ́ ọ. Bí a bá tilẹ̀ gé gbogbo ẹ̀jẹ̀ kúrò nínú fíìmù, ìbéèrè kan yóò ṣì kù: kí ni ìtàn ikú ń kọ́ wa nípa ẹ̀bi ẹni tí ó pànìyàn? Ohun tí a fẹ́ yẹ̀ wò nìyẹn.

Ìbéèrè ọlọ́pàá

Ìtàn ìpànìyàn àti àdììtú kì í ṣe àjèjì nínú ìwé Yorùbá. Ọládẹ̀jọ Òkédìjí gbé Àjà Ló Lẹrù jáde ní ọdún 1969, ó sì gbé Àgbàlagbà Akàn jáde ní ọdún 1971. Nínú méjèèjì, Lápàdé tí ó ti ṣe ọlọ́pàá rí ni ó ń tọ ipasẹ̀ àwọn ọ̀daràn. Kọ́lá Akínlàdé náà kọ Ta Ló Pa Ọmọ Ọba? àti Owó Ẹ̀jẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú àwa tí a ti lé ní àádọ́ta ọdún ni ó fi àtùpà ka irú ìwé bẹ́ẹ̀ nígbà tí a wà ní ilé-ẹ̀kọ́.

Adùn wọn ni pé a mọ̀ pé àṣírí yóò tú. Bí irọ́ lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òótọ́ yóò bá a. Ṣùgbọ́n lọ́pọ̀ ìgbà, bí ọwọ́ bá ti tẹ ọ̀daràn, irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ti parí. A kì í sábà mọ ohun tí ó ń ṣe ọkàn rẹ̀ ní òru. Ìtàn ti dáhùn ìbéèrè ọlọ́pàá, ó ku ìbéèrè àlùfáà.

Ìbéèrè àlùfáà

Ìbéèrè kejì yìí ni Living in Bondage gbé dìde nígbà tí ó jáde ní èdè Ìgbò ní ọdún 1992. Ọkùnrin kan tí ń jẹ́ Andy wọ ẹgbẹ́ òkùnkùn, ó sì fi Merit ìyàwó rẹ̀ ṣe ètùtù. Owó dé, ṣùgbọ́n ìbàlẹ̀ ọkàn lọ. Merit tí ó ti kú ni ó ń yọ sí i, títí tí orí rẹ̀ fi dàrú. Ní apá kejì ìtàn náà, inú ìjọ ni ó ti rí ìtúsílẹ̀.

Láti ìgbà náà ni ọ̀pọ̀ fíìmù, àti ti Ìgbò àti ti Yorùbá, ti ń tọ ọ̀nà kan náà. Àlùfáà gbàdúrà, ẹlẹ́bi ṣubú lulẹ̀, ó dìde, orin ìyìn sì gba ibẹ̀ kan. Àwa kò tako ìdáríjì, nítorí òun ni a ń wàásù. Ṣùgbọ́n ta ni ó lọ bá ìyá ẹni tí ó kú? Ta ni ó kó ilé àti mọ́tò tí a fi ẹ̀jẹ̀ rà sílẹ̀? Bí ìṣẹ́jú márùn-ún bá tó láti fọ ẹ̀jẹ̀ tí a ti fi wákàtí méjì gbádùn owó rẹ̀, ọ̀dọ́ tí ń wò ó lè ṣírò rẹ̀ pé ọjà náà kò wọ́n.

A yin àwọn tí ó tún gbé ìtàn náà padà ní ọdún 2019, nínú Living in Bondage: Breaking Free tí Ramsey Nouah darí. Andy ti di oníwàásù nínú èyí, ṣùgbọ́n Nnamdi ọmọ rẹ̀ ni ẹgbẹ́ òkùnkùn tún nawọ́ sí. Bàbá ti rí ìdáríjì, ohun tí ó gbìn sì ń hù síbẹ̀.

Ìtàn tí Nátánì sọ

Ìwé Mímọ́ ti ṣe èyí ṣáájú gbogbo wọn. Dáfídì mú kí a fi Ùríà sí iwájú ogun kí ó lè kú, ó sì fẹ́ ìyàwó rẹ̀. Nínú ìtàn yìí, láti ìbẹ̀rẹ̀ ni òǹkàwé ti mọ ẹni tí ó pànìyàn. Apànìyàn nìkan ni kò tíì mọ ara rẹ̀. Nígbà tí wòlíì Nátánì dé ààfin, kò fi ìbínú bẹ̀rẹ̀. Ìtàn ni ó sọ, ti ọlọ́rọ̀ tí ó gba àgùntàn kan ṣoṣo tí tálákà ní. Ọba bínú, ó dá ẹjọ́, kò sì mọ̀ pé ara òun ni òun dá lẹ́bi.

Iṣẹ́ tí ìtàn rere ń ṣe nìyẹn. Ẹ sì kíyè sí i pé Dáfídì rí ìdáríjì, síbẹ̀ ọmọ náà kú, idà kò sì kúrò ní ilé rẹ̀. Fíìmù tí ó bá fi ìdáríjì hàn láìfi èyí hàn ti ké Bíbélì sí méjì.

Ẹ̀bi kì í gbé ilé ẹnìkan

Ẹ jẹ́ kí a fi eré kan kún un. Nínú Ẹ̀fúnṣetán Aníwúrà tí Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ, ikú ọmọ kan ṣoṣo tí Ìyálóde Ìbàdàn bí sọ ọkàn rẹ̀ di òkúta. Ó ní ẹrú òun kankan kò gbọdọ̀ bímọ, ó sì pa Adétutù nítorí oyún. Ní ìparí, ó gbé májèlé jẹ. Ṣùgbọ́n ìtàn ìlú sọ pé àwọn ẹrú rẹ̀ ni ó pa á lóru ní ọdún 1874, lẹ́yìn tí Ààrẹ Látòósà ti rọ̀ ọ́ lóyè. Eré kó ẹ̀bi lé obìnrin kan lórí, ìtàn ìlú sì rán wa létí pé ọwọ́ àwọn ìjòyè wà níbẹ̀.

Àwọn àgbà ní ẹni tí ó gbé epo lájà kò jalè bí ẹni tí ó gbà á sílẹ̀. Ibí ni ọ̀rọ̀ ti kan àwa fúnra wa. Bí olówó òjijì bá dé ìjọ, àwa ni a ń fi í ṣe alága ọjọ́ ìkórè. Àwa tí a ń kọ ìròyìn ìjọ kò mọ́ nínú rẹ̀. A ti tẹ àwòrán irú ẹni bẹ́ẹ̀ jáde rí, pẹ̀lú iye tí ó fi sílẹ̀, láìbéèrè iṣẹ́ tí ó ń ṣe. Kò sí àjọ tí ó ń yẹ èyí wò, ẹ̀rí-ọkàn wa nìkan ni.

Nítorí náà, ẹ̀yin òbí àti olùkọ́ ilé-ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi, bí ẹ bá bá àwọn ọmọ wo fíìmù, ẹ má ṣe pa á kí ẹ sì lọ sùn. Ẹ bi wọ́n pé: kí ni orúkọ ẹni tí ó kú? Ta ni ó jẹ nínú owó náà? Kí ni ẹlẹ́bi dá padà? Ẹ̀yin àlùfáà, bí ẹnìkan bá wá jẹ́wọ́ ẹ̀ṣẹ̀ tí ó kan ẹ̀mí tàbí ohun ìní ẹlòmíràn, ẹ gbàdúrà fún un, kí ẹ sì bá a rìn dé ọ̀dọ̀ ẹni tí ó ṣẹ̀ àti ọ̀dọ̀ òfin. Ọjọ́ tí ìgbàlà wọ ilé Sákéù náà ni ó ṣèlérí láti dá ohun tí ó fi èrú gbà padà ní ìlọ́po mẹ́rin.

Ìjọba ti sọ ohun tí fíìmù kò gbọdọ̀ gbé ga. Ó ku kí ìjọ pinnu ohun tí òun náà kò ní gbé ga mọ́.