Ohun Tó Wà Lẹ́yìn Ẹ̀fà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Ẹni tó bá ka nǹkan dé ẹ̀fà lè rò pé èje nìkan ló ṣẹ́kù. Òwe náà ní rárá o, ibi tí ojú rẹ mọ kọ́ ni ọ̀rọ̀ parí sí.

Òwe yìí bá bí a ṣe ń wo fíìmù lóde òní wí. Eré kan kò tíì parí tán tí fóònù ti gbé òmíràn wá, tí orúkọ àwọn tó ṣiṣẹ́ sí i sì kọjá lọ láìkà. Ojú òṣèré la mọ̀. Bóyá a tún rántí olùdarí. Ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ tí òṣèré ń sọ ńkọ́?

Ẹ wo Jean Cosmos, ọmọ ilẹ̀ Faransé tí wọ́n bí ní 1923. Ọ̀pọ̀ ọdún ló fi kọ eré tẹlifíṣọ̀n. Òun àti Jean Chatenet ló kọ Julien Fontanes, magistrat, eré tó dá lórí adájọ́ kan, tó bẹ̀rẹ̀ ní 1980. Ó ti pé ẹni ọdún 66 kí La Vie et rien d'autre tó jáde ní 1989, fíìmù tí òun àti olùdarí rẹ̀, Bertrand Tavernier, jọ kọ. Philippe Noiret tó ṣe olórí eré gba César, ẹ̀bùn fíìmù ilẹ̀ Faransé.

Ọdún 1920 ni ìtàn náà wáyé, lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kìíní. Ọ̀gá sójà kan, Dellaplane, ń wá 350,000 sójà tó sọnù, ó fẹ́ dá orúkọ oníkálùkù padà fún un. Òkú kan ṣoṣo tí kò lórúkọ ni ìjọba ń wá ní tiwọn, láti sin ín sábẹ́ Arc de Triomphe ní Paris, kó dúró fún gbogbo wọn. Ó ṣẹlẹ̀ lóòótọ́. Ní 10 November 1920, wọ́n to pósí mẹ́jọ sí ìlú Verdun, sójà kan, Auguste Thin, sì yan ìkẹfà, torí pé bí a bá ro 1, 3 àti 2 tó wà nínú nọ́ńbà ikọ̀ rẹ̀ pọ̀, ẹ̀fà ni. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà yẹn kọjá pósí keje. Dellaplane kò gbà kí pósí kan bo ẹgbàágbèje mọ́lẹ̀. Ọgbọ́n ìkọ̀wé Cosmos nìyẹn.

Kò dáwọ́ dúró. Ó bá Tavernier kọ Capitaine Conan ní 1996 àti La Princesse de Montpensier ní 2010, nígbà tó ti lé ní ọgọ́rin ọdún. Ó kú ní 2014.

Láti 1957 ni òfin Faransé ti ka ẹni tó kọ fíìmù mọ́ àwọn tó ṣẹ̀dá rẹ̀, pẹ̀lú olùdarí. Òfin ti ṣe tirẹ̀, ó ku tiwa. Bí eré bá parí, ẹ jẹ́ kí orúkọ kọjá. Ẹ ka ti ẹni tó kọ ọ́, kí ẹ sì wá iṣẹ́ rẹ̀ mìíràn lọ. Ẹni tó mọ̀ ọ́n kọ yẹ lẹ́ni tí a ń mọ̀.