Agbẹ́jọ́-Ẹnìkan-Dá: Ọ̀rọ̀ lórí Ìjà Awólọ́wọ̀ àti Akíntọ́lá

Ó ti pẹ́ tí ọ̀rọ̀ yìí ti ń dùn wá lọ́kàn, a kò sì lè pa á mọ́ra mọ́. Ní ọjọ́ kan a lọ gbọ́ àríyànjiyàn àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ kan ní agbègbè wa yìí, láàárín Ìjẹ̀bú-Igbó àti Àgọ́-Ìwòyè. Ọ̀rọ̀ tí a fi síwájú àwọn ọmọ náà ni èyí: ta ni ó ṣe ilẹ̀ Yorùbá lóore jù, Olóyè Ọbáfẹ́mi Awólọ́wọ̀ tàbí Olóyè Samuel Ládòkè Akíntọ́lá? Ọmọ tí ó gbèjà Awólọ́wọ̀ sọ̀rọ̀ tán, a sì pàtẹ́wọ́ fún un. Ọmọ tí ó gbèjà Akíntọ́lá kò tí ì sọ ju gbólóhùn mẹ́ta lọ tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ fi bẹ̀rẹ̀ sí kígbe mọ́ ọn pé, "Dẹ́mọ̀! Dẹ́mọ̀!" Ọmọ náà jókòó, omi sì lé ròrò sí i lójú. Èyí tí ó dùn wá jù ni pé olùkọ́ tí ó ṣe alága rẹ́rìn-ín, ó sì gbé ẹ̀bùn fún ẹni àkọ́kọ́ láìgbọ́ tẹnu ẹnì kejì tán.

Àwọn bàbá wa kò kọ́ wa bẹ́ẹ̀. Wọ́n ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Bí ó bá jẹ́ ìkà fún àgbà, kí ni a ó pè é nígbà tí olùkọ́ bá fi kọ́ ọmọdé?

Kí a má ṣe ṣì wá gbọ́. A kò kọ̀wé yìí láti sọ Akíntọ́lá di ẹni mímọ́, bẹ́ẹ̀ ni a kò sì fẹ́ bu iyì Awólọ́wọ̀ kù. Ohun tí a ń wí ni pé àìfohùnṣọ̀kan wọn nìkan kò tó láti tú ilé Yorùbá ká. Ohun tí ó tú ilé ká ni pé, nígbà tí wọ́n ń jà, a gba ẹjọ́ náà kúrò lọ́wọ́ òfin, a sì fi lé ọwọ́ agbára. Ẹ̀kọ́ yìí ni ó ṣe kókó jù nínú ìtàn náà, òun gan-an ni a kò sì fi kọ́ àwọn ọmọ wa. Dípò rẹ̀, orúkọ èébú ni a fi lé wọn lọ́wọ́.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ rántí irú ènìyàn tí wọ́n jẹ́. Ìkẹ́nnẹ́ ní Rẹ́mọ ni a gbé bí Awólọ́wọ̀ ní ọdún 1909. Ògbómọ̀ṣọ́ ni a gbé bí Akíntọ́lá ní ọdún 1910. Ọmọ ìjọ Mẹ́tọ́díìsì ni èkíní, ọmọ ìjọ Onítẹ̀bọmi sì ni èkejì. Àwọn méjèèjì ni ó ti ṣe olùkọ́ rí, gẹ́gẹ́ bí ọ̀pọ̀ nínú ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìwé yìí. Àwọn méjèèjì ni ó ṣe iṣẹ́ ìwé ìròyìn: Akíntọ́lá ṣe olóòtú Daily Service, Awólọ́wọ̀ sì dá Nigerian Tribune sílẹ̀ ní ọdún 1949. Àwọn méjèèjì ni ó rékọjá òkun lọ kọ́ ẹ̀kọ́ òfin. Nígbà tí a gbé Ẹgbẹ́ Ọlọ́pẹ jáde fún aráyé rí ní Ọ̀wọ̀ ní ọdún 1951, abẹ́ òrùlé kan náà ni wọ́n wà. Awólọ́wọ̀ jẹ́ ẹni ètò àti ìṣirò; bí ó bá dìde sọ̀rọ̀, ẹ̀rí ni yóò máa tò lé ẹ̀rí. Akíntọ́lá ní tirẹ̀, òwe àti àwàdà ni, ọ̀rọ̀ rẹ̀ a sì máa pa ọ̀tá rẹ̀ pàápàá lẹ́rìn-ín. Ẹgbẹ́ tí ó bá ní irú àwọn méjì báyìí, ó ní ọwọ́ ọ̀tún, ó sì ní ọwọ́ òsì.

Báwo ni ọwọ́ méjèèjì ṣe wá di ohun tí ń lu ara wọn? Ní oṣù Kejìlá ọdún 1959, Awólọ́wọ̀ fi ipò Pírẹ́míà Ìwọ̀-Oòrùn sílẹ̀, ó sì lọ sí Ilé Aṣòfin ìjọba àpapọ̀ ní Èkó. Ẹgbẹ́ rẹ̀ kò borí nínú ìdìbò, òun sì di olórí àwọn alátakò. Akíntọ́lá ni ó gba ipò Pírẹ́míà ní Ìbàdàn. Báyìí ni ilé kan di ilé baálé méjì.

Ọ̀rọ̀ méjì ni ó wà nílẹ̀ láàárín wọn. Èkíní ni pé, ta ni ó ní àṣẹ, olórí ẹgbẹ́ ni tàbí Pírẹ́míà? Akíntọ́lá gbà pé àwọn aṣòfin ni Pírẹ́míà gbọ́dọ̀ jíhìn fún. Awólọ́wọ̀ gbà pé ẹgbẹ́ ni ó gbé Pírẹ́míà dé ipò, nítorí náà kò gbọdọ̀ ṣe ohun tí ó lòdì sí ìlànà ẹgbẹ́. Ọ̀rọ̀ kejì ni pé, ṣé kí ẹgbẹ́ náà bá ẹgbẹ́ NPC ti Òkè Ọya ṣe ìjọba àpapọ̀, tàbí kí ó dúró ní alátakò? Akíntọ́lá rí i pé bí Yorùbá bá dúró sẹ́yìn odi, àwọn ẹlòmíràn ni yóò pín ipò àti iṣẹ́ láàárín ara wọn. Awólọ́wọ̀ fẹ́ kí ẹgbẹ́ rẹ̀ di ti gbogbo Nàìjíríà, kí a sì dá ìpínlẹ̀ sílẹ̀ fún àwọn ẹ̀yà kéékèèké. Ìlànà ni ó fi ṣáájú, ó sì ṣe tán láti jìyà àìsí nípò nítorí rẹ̀.

Ẹ̀yin ará, èwo ni ọ̀rọ̀ òmùgọ̀ nínú wọn? Bí a bá bi àwa léèrè, a ó wí pé Awólọ́wọ̀ ni ó rí ọ̀nà jíjìn jù lórí ọ̀rọ̀ kejì, nítorí ẹgbẹ́ tí kò ní ju ìpín tí yóò gbà lọ kì í pẹ́ tú. Ṣùgbọ́n lórí ọ̀rọ̀ èkíní, ẹjọ́ Akíntọ́lá kì í ṣe ẹjọ́ òfo. Ẹni tí a gbé iṣẹ́ lé lọ́wọ́ ní Ìbàdàn, ó ṣòro kí a máa ti Èkó darí rẹ̀. Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ tí kò bá lè sọ ọ̀rọ̀ méjèèjì yìí bí àwọn tí ó ni ín ti sọ ọ́ kò tí ì mọ ìtàn náà, kódà bí ó bá mọ gbogbo ọjọ́ inú rẹ̀ lórí.

Nísinsìnyí ẹ jẹ́ kí a wo ibi tí òfin ti ṣubú. Ní oṣù Kejì ọdún 1962 ni ẹgbẹ́ ṣe àpérò ní Jọ́ọ̀sì, ibẹ̀ ni ìjà sì ti hàn sí gbangba. Ní oṣù Karùn-ún, ẹgbẹ́ ní kí Akíntọ́lá fi ipò sílẹ̀, ó sì kọ̀. Aṣòfin 66 fi ọwọ́ sí ìwé pé àwọn kò fẹ́ ẹ mọ́. Gómìnà Ìwọ̀-Oòrùn, Ọba Adésọjí Adérẹ̀mí, Ọọ̀ni Ifẹ̀, sì yọ ọ́ ní ọjọ́ 21 oṣù Karùn-ún, ó fi Olóyè Dáúdà Adégbẹnró rọ́pò rẹ̀. Níhìn-ín ni a ti rí àṣìṣe àwọn ará ilé Awólọ́wọ̀. Bí wọ́n bá ní ènìyàn tó nínú Ilé, kí ló dé tí wọn kò kọ́kọ́ dìbò nínú Ilé kí gbogbo ayé fi ojú rí i? Ìwé tí a fọwọ́ sí níkọ̀kọ̀ kò lè dá àríyànjiyàn dúró bí ìbò tí a dì ní gbangba.

Ní ọjọ́ 25 oṣù náà, Ilé jókòó láti fi ọwọ́ sí Pírẹ́míà tuntun. Kàkà kí àwọn kan lẹ́yìn Akíntọ́lá dìbò kí a sì kà á, àga ni wọ́n gbé sókè, ọ̀pá àṣẹ Ilé pàápàá sì di kùmọ̀. Àwọn ọlọ́pàá fi tajútajú tú wọn ká. Ní ọjọ́ 29, ìjọba àpapọ̀ kéde pé wàhálà dé, ó sì fi Dókítà Májẹ̀kódùnmí ṣe alábòójútó gbogbo Ìwọ̀-Oòrùn. Ìjà inú iyàrá kan ni a fi gba ilé lọ́wọ́ àwọn onílé. Ní ọjọ́ kìn-ín-ní ọdún 1963, a dá Akíntọ́lá padà sí ipò láìdìbò.

Èyí tí ó burú jù ni èyí tí a kì í sábà kọ́ àwọn ọmọ. Ilé Ẹjọ́ Gíga Jù Lọ ti ìjọba àpapọ̀ ti dá Akíntọ́lá láre ní ọdún 1962, pé Gómìnà kò lè yọ ọ́ láìsí ìbò nínú Ilé. Àwọn ará Adégbẹnró kò ju òkúta; wọ́n gbé ẹjọ́ náà lọ síwájú Privy Council ní Lọ́ńdọ̀nù. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1963 àwọn adájọ́ náà dá Adégbẹnró láre. Kí ni àwọn tí ó wà lórí oyè ṣe? Wọ́n yí òfin Ìwọ̀-Oòrùn padà, wọ́n sì fi ọjọ́ rẹ̀ sí ẹ̀yìn, bí ẹni pé òfin tuntun náà ti wà kí Gómìnà tó ṣe ohun tí ó ṣe. Ẹ wo ohun tí èyí jọ. Ọmọ méjì ń ta ayò. A ka ọmọ ayò, ọ̀kan sì borí. Ẹni tí a borí wá wí pé láti àná ni a ti yí òfin ayò padà. Ta ni yóò tún bá a ta ayò láéláé?

Láti ibẹ̀ lọ, ọ̀nà di gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́. Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1963, a dá ẹ̀wọ̀n ọdún 10 fún Awólọ́wọ̀ lórí ẹ̀sùn ìdìtẹ̀ sí ìjọba. Ní ọdún 1964 ni a dá ẹgbẹ́ NNDP tí à ń pè ní Dẹ́mọ̀ sílẹ̀. Ìdìbò ọjọ́ 11 oṣù Kẹwàá ọdún 1965 kún fún èrú tó bẹ́ẹ̀ tí àwọn ènìyàn fi bẹ̀rẹ̀ sí da epo sí ilé, wọ́n ń sun ún, wọ́n sì pè é ní wẹ́tìẹ̀. Ní ọjọ́ 15 oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1966, àwọn ọmọ ogun pa Akíntọ́lá ní ilé rẹ̀ ní Ìbàdàn. Àwọn ológun ṣe ìjọba títí di ọdún 1979. Bẹ́ẹ̀, àwọn bàbá wa wí pé bí a bá ń jà, bí i ká kú kọ́.

Ẹnì kan yóò wí pé, "Ọmọ wa ni Awólọ́wọ̀; bí a kò bá gbè é, ta ni a ó gbè?" A bẹ̀ ẹ́ kí ó rántí ọdún 1941, nígbà tí ẹgbẹ́ àwọn ọ̀dọ́ Nàìjíríà pín sí méjì lórí Ernest Ikoli àti Samuel Akíṣànyà. Ọmọ Rẹ́mọ bí Awólọ́wọ̀ ni Akíṣànyà. Ọmọ Ìjọ̀ ni Ikoli. Ikoli ni Awólọ́wọ̀ gbè. Ẹni tí ó bá ń fi ẹ̀jẹ̀ gbèjà Awólọ́wọ̀ kò tẹ̀ lé ìṣe Awólọ́wọ̀.

Ẹlòmíràn yóò wí pé Akíntọ́lá kò ṣe ohun kan tí a lè tọ́ka sí. Òtítọ́ ni pé ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ ti oṣù Kìn-ín-ní ọdún 1955, tí ó dé ọ̀dọ̀ wa gẹ́gẹ́ bí ó ti dé gbogbo Ìwọ̀-Oòrùn, iṣẹ́ ìjọba Awólọ́wọ̀ ni. Ṣùgbọ́n ní ọdún 1961, nígbà tí Akíntọ́lá jẹ́ Pírẹ́míà, ni a ṣe òfin tí ó dá Yunifásítì Ifẹ̀ sílẹ̀, tí ó ń jẹ́ orúkọ Awólọ́wọ̀ láti ọdún 1987. Yunifásítì ti Àgọ́-Ìwòyè pẹ̀lú, Olóyè Bísí Ọnàbánjọ, ọmọ ẹ̀yìn Awólọ́wọ̀, ni ó dá a sílẹ̀ ní ọdún 1982. Ọmọ Ayílà tàbí Ìwòpin létí ọ̀sà tí ó bá ti ilé-ẹ̀kọ́ abúlé rẹ̀ dé Ifẹ̀ ti jẹ nínú oúnjẹ àwọn méjèèjì.

Àwọn mìíràn yóò wí pé ọ̀rọ̀ ìṣèlú kò yẹ ilé-ẹ̀kọ́. Bí a kò bá kọ́ wọn, ibùdókọ̀ yóò kọ́ wọn. Pọ́ọ̀lù àti Bánábà pàápàá jà nítorí Jòhánù Máàkù, wọ́n sì ya ara wọn. A ń ka ìtàn náà fún àwọn ọmọ, síbẹ̀ a kò fi orúkọ Bánábà ṣe èébú.

Bóyá a ó sì gbọ́ pé ìjà àwọn àgbà kò lè parí sí ibòmíràn ju ẹ̀jẹ̀ lọ. Ẹ wo Amẹ́ríkà nígbà tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ gba òmìnira. John Adams àti Thomas Jefferson jùmọ̀ ṣiṣẹ́ òmìnira, wọ́n sì di ọ̀tá ara wọn nínú ìṣèlú. Jefferson borí Adams nínú ìdìbò ọdún 1800. Inú Adams bàjẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí kò fi dúró wo ìgbàjọba ẹnì kejì rẹ̀ ní ọjọ́ 4 oṣù Kẹta ọdún 1801. Ṣùgbọ́n ó gbé ìjọba kalẹ̀, kò yí òfin padà. Láti ọdún 1812 wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ sí kọ̀wé sí ara wọn bí ọ̀rẹ́, ọjọ́ kan náà ni wọ́n sì kú, ọjọ́ 4 oṣù Keje ọdún 1826. A kò wí pé ènìyàn mímọ́ ni àwọn ará ibẹ̀. Jefferson ní ẹrú. Aaron Burr yìnbọn pa Alexander Hamilton ní ọdún 1804. Wọ́n sì ja ogun abẹ́lé láti ọdún 1861 sí 1865. Ṣùgbọ́n Adams fi hàn pé a lè bínú kí a sì gbà pé a borí ẹni.

Nítorí náà, ẹ̀yin olùkọ́, ohun tí a ń bẹ̀ yín fún kò ṣòro. Nígbà tí ọ̀rọ̀ yìí bá tún dé ilé-ẹ̀kọ́ yín, ẹ jẹ́ kí ọmọ tí ó fẹ́ràn Awólọ́wọ̀ gbèjà Akíntọ́lá, kí ẹni tí ó fẹ́ràn Akíntọ́lá sì gbèjà Awólọ́wọ̀. Ẹ má ṣe gba orúkọ èébú láyè. Ẹ sọ òfin àríyànjiyàn kí a tó bẹ̀rẹ̀, ẹ má sì ṣe yí i padà lẹ́yìn ìdájọ́. Ẹni tí a bá borí, kí ó bọ ẹni tí ó borí lọ́wọ́. Ẹ̀yin ọmọ ilé-ẹ̀kọ́, ẹ mọ̀ pé ẹni tí kò bá lè jókòó gbọ́ ọ̀rọ̀ tí ó kórìíra, òun ni yóò gbé àga sókè lọ́la nínú Ilé Aṣòfin.

Ní ti ọmọ tí a kígbe mọ́ ní ọjọ́ náà, ẹjọ́ rẹ̀ kò tí ì tán. Kí olùkọ́ rẹ̀ pè é padà síwájú, kí ó sọ gbólóhùn kẹrin, kí gbogbo kíláàsì sì dákẹ́ títí yóò fi parí.