Ṣòkòtò Àgbàbọ̀ Nínú Iṣẹ́ Fíìmù

Àwọn àgbà ní ṣòkòtò àgbàbọ̀, bí kò bá fún ni lẹ́sẹ̀, a máa ṣo ni. Rẹ́múrẹ́mú ni ohun ẹni ń bá ni mu. Kí ọ̀dọ́ tó ń ṣe fíìmù ìtàn fi òwe yìí sọ́kàn. Fọ́nrán àtijọ́ tí a sanwó rẹ̀ fún ilé ìpamọ́ kì í sábà di tiwa. Àṣẹ ìlò ni a rà, àṣẹ náà sì ní gbèdéke.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Eyes on the Prize ní Amẹ́ríkà. Henry Hampton àti ilé iṣẹ́ rẹ̀, Blackside, ló ṣe é ní apá 14. Mẹ́fà àkọ́kọ́ jáde lórí tẹlifíṣọ̀n ní ọdún 1987, mẹ́jọ yòókù ní 1990. Ìjàkadì àwọn aláwọ̀ dúdú fún ẹ̀tọ́ wọn ni ó ròyìn, pẹ̀lú fọ́nrán ìròyìn, fọ́tò, orin ìgbà náà àti ẹnu àwọn tí ọ̀rọ̀ ṣojú wọn. Fọ́nrán, fọ́tò àti orin wọ̀nyí ló ní olówó wọn. Nínú ìran kan, àwọn ẹlẹgbẹ́ Martin Luther King ń kọ orin ọjọ́ ìbí fún un. Orin yẹn pàápàá, ilé iṣẹ́ kan ń gbowó lé e lórí nígbà náà.

Owó kò tó, nítorí náà ọdún díẹ̀ ni wọ́n rí owó san fún lórí ọ̀pọ̀ nínú wọn. Nígbà tí ọdún pé, àṣẹ tán. Tẹlifíṣọ̀n kò lè gbé e jáde mọ́, kò sì sí ẹ̀dà tuntun lọ́jà. Kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ tó kù ní ilé-ìwé àti ilé ìkàwé nìkan ni ọmọdé lè rí wò. Hampton kú ní 1998, ọ̀rọ̀ náà kò tíì yanjú. Ìgbà tí Ford Foundation àti Richard Gilder fi owó tó ju 800,000 dọ́là lọ sílẹ̀ ni a tó tún àwọn àṣẹ náà rà, tí PBS sì gbé e jáde padà ní 2006.

Nítorí náà, kí ẹ tó gé fọ́nrán kan mọ́ iṣẹ́ yín, ẹ béèrè ohun mẹ́rin. Ta ló ni ín? Ẹni tó gbé e sórí YouTube lè má jẹ́ oní-nǹkan. Ibo ni a ó ti fi hàn: tẹlifíṣọ̀n, sinimá, tàbí íntánẹ́ẹ̀tì, ní orílẹ̀-èdè wo? Fún ọdún mélòó? Orin wo ló wà nínú rẹ̀? Ẹni tó ta àwòrán lè má ní àṣẹ láti ta orin.

Ọ̀rọ̀ yìí kàn wá. Ẹni tó bá ń wá ìran òmìnira wa ti 1960 yóò bá a lọ́wọ́ British Pathé ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ìwé àdéhùn ni yóò sì tọwọ́ bọ̀. Bí owó bá kéré, ó sàn kí a ra ìṣẹ́jú méjì tí kò ní gbèdéke ju ogún ìṣẹ́jú ọlọ́dún márùn-ún lọ. Ìtàn tí a fẹ́ kí àwọn ọmọ wa wò kò yẹ kó ní ọjọ́ tí yóò ya odi.