Ewu Ni Windows Lite Lórí Kọ̀ǹpútà Àtijọ́

Windows Lite ni orúkọ tí àwọn oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà ń pe ẹ̀dà Windows tí ẹlòmíràn, tí kì í ṣe Microsoft, ti gé kù kí ó lè fúyẹ́ fún ẹ̀rọ àtijọ́. Kò yẹ lórí kọ̀ǹpútà tí ènìyàn fi ń wọ báǹkì rẹ̀ tàbí tó fi ń kọ iṣẹ́ àṣekágbá ilé-ìwé.

Ohun tó ń ti àwọn ènìyàn sí i kò fara sin. Láti Ìkàrẹ́ dé Ọ̀kà, tí Yunifásítì Adékúnlé Ajásin ní Àkùngbá wà láàárín wọn, tòkunbọ̀ ni apá ọ̀pọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ ká. Microsoft ṣíwọ́ ìtọ́jú Windows 10 ní ọjọ́ 14 oṣù Kẹwàá, 2025. Windows 11 ní tirẹ̀ ń béèrè ṣíìpù ààbò TPM 2.0 àti RAM tí kò dín ní 4GB, ọ̀pọ̀ ẹ̀rọ tí wọ́n ṣe ṣáájú 2018 ni kò sì gbà. Ìwà ìrẹ́jẹ gbáà ni èyí sí ẹni tí kò lówó òmíràn. Síbẹ̀, àgbo tí a kò mọ ẹni tó sè é kò di oògùn nítorí pé ara ń ro aláìsàn.

Nínú ọ̀pọ̀ irú ẹ̀dà bẹ́ẹ̀, Windows Update àti Defender wà lára ohun tí wọ́n yọ dànù. Ẹ̀rọ á yá lóòótọ́, ṣùgbọ́n ilẹ̀kùn rẹ̀ ti ṣí sílẹ̀. NTDEV tó ṣe tiny11 Core, ọ̀kan lára irú ẹ̀dà bẹ́ẹ̀, fúnra rẹ̀ kìlọ̀ pé kò wà fún ìlò ojoojúmọ́, nítorí kò ṣeé fi àtúnṣe kún. Ní oṣù Kẹfà 2023, ilé-iṣẹ́ apakòkòrò Dr.Web rí kòkòrò nínú àwọn Windows 10 tí wọ́n ń pín kiri láìgbàṣẹ: bí ènìyàn bá da àdírẹ́sì àpò owó crypto kọ, kòkòrò náà á fi ti olè rọ́pò rẹ̀. Apá EFI inú dísìkì ló sá pamọ́ sí, níbi tí ọ̀pọ̀ ètò apakòkòrò kì í yẹ̀ wò.

Ọ̀nà mìíràn wà: Linux Mint àti Lubuntu, tí ènìyàn lè fi rọ́pò Windows, wà lọ́fẹ̀ẹ́, wọ́n sì ń gba àtúnṣe. RAM 2GB ni Mint fi ń bẹ̀rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé 4GB ló rọrùn. Lórí wọn, LibreOffice ń ṣí ìwé Word. PSPP ń ka fáìlì SPSS tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fi ń ṣe ìṣirò ìwádìí. Àwọn tó ń fi CorelDRAW ṣe ìwé ìkésíni wà lára àwọn tí Linux kò tíì tẹ́ lọ́rùn. Kí wọ́n fi SSD àti RAM kún ẹ̀rọ wọn, kí wọ́n sì dúró ti Windows tó ti ọwọ́ Microsoft wá.

Oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà tí kò lè sọ ibi tó ti rí Windows tó wà nínú fọ́láàṣì rẹ̀, kí ẹnikẹ́ni má gbé ẹ̀rọ fún un.